Ọjọ́ Tí Màámi Múra Láti Sọ̀rọ̀

Ọjọ́ kẹrin, oṣù kejì

Ọmọ mi, Awò-má-sọ̀rọ̀,

Ṣé o ń jẹun, àbí iṣẹ́ ló ń jẹ ọ́? Ara mi le. Orúnkún nìkan ló ń ṣe bí ẹni tí kò fẹ́ bá mi lọ mọ́, mo sì ń wọ́ ọ tẹ̀ lé ara mi. Má pè mí lórí ohun tí mo fẹ́ sọ yìí. Lórí fóònù, kí n tó parí gbólóhùn kan, o ti ní "Màámi, ẹ jẹ́ n pè yín padà." Ìwé kì í dá ènìyàn lẹ́nu.

Gbogbo àsìkò tí o fi wà nílé, tí o ń gbé kámẹ́rà tẹ̀ lé mi láti ìdí ọpọ́n ìfọṣọ dé ìdí áyọ́ọ̀nù, mi ò bá ọ jà. O ní kí n máa ṣe bí ẹni pé o ò sí níbẹ̀, mo sì ṣe bẹ́ẹ̀. Àwọn oníbàárà bi mí pé kí lọmọ yìí ń yà lára aṣọ ìdọ̀tí, mo ní ẹ fi í sílẹ̀, ó ń dán ẹ̀rọ rẹ̀ wò ni. Ọjọ́ kan ṣoṣo ni mo bẹ̀ ọ́ pé kí o jẹ́ kí n múra. Ìyá aránṣọ tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé wa ló rán aṣọ tí mo wọ̀ lọ́jọ́ náà. Ara mi ni wọ́n fi wọ̀n ọ́n, èmi ni mo ni ín. Mo gbé àga sí àárín yàrá, mo jókòó, mo sì sọ ọ̀rọ̀ tó wà láàárín èmi àti ẹ̀gbọ́n mi láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ọdún tí a ti jà. Ìwọ nìkan lo gbọ́ ọ.

Mo ti ránṣẹ́ sí wọn. Mo ní ọmọ wa ti ṣe fíìmù, ọ̀rọ̀ tí mi ò lè sọ lójú wọn wà nínú rẹ̀, kí wọ́n jọ̀wọ́ wá wò ó. Wọn ò tíì fèsì, ṣùgbọ́n wọn ò lé ẹni tí mo rán. Lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi, oore nìyẹn.

Nígbà wo ni fíìmù ọ̀hún máa dé? Wọ aṣọ tó nípọn. Mo mọ̀ ọ́.

Ìyá rẹ.


Ọjọ́ kẹrìndínlógún, oṣù kẹta

Màámi mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀, mo kí yín, mo sì kí orúnkún náà pé kó fọwọ́ wọ́nú. Ẹ má bínú pé mi ò tètè fèsì. Iṣẹ́ ò jẹ́ kí n gbórí sókè.

Fíìmù ti parí. Wọ́n ti fi í hàn ní gbọ̀ngàn kan níbí, èrò kún débi pé àwọn kan dúró lẹ́yìn. Ẹ̀ ń fọṣọ, ẹ̀ ń sá a, ẹ̀ ń bá áyọ́ọ̀nù tí kò gbóná jà, ẹ sì ń fi ẹnu nìkan jà á ní àjàṣẹ́gun. Ibì kan wà nínú rẹ̀ tí gbogbo gbọ̀ngàn dákẹ́ rọ́rọ́. Obìnrin tó jókòó níwájú mi ń nu ojú. Mi ò ní sọ ibi náà fún yín, ẹ ó rí i fúnra yín. Nínú gbogbo ohun tí mo ti yà láyé mi, òun ni mo fẹ́ràn jù.

Ní ti ọ̀rọ̀ tí ẹ sọ lọ́jọ́ tí ẹ múra, kò sí nínú fíìmù yìí. Ẹ jẹ́ n ṣàlàyé. Irú fíìmù tí mò ń ṣe, a kì í bi ènìyàn ní ìbéèrè, a kì í sì í ní kó jókòó kó sọ̀rọ̀. Mo máa ń wà ní igun kan títí ojú wọn á fi mọ́ mi bí ojú ṣe ń mọ́ àga. Ọjọ́ tí wọ́n bá gbàgbé mi ni iṣẹ́ mi tó bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá múra fún kámẹ́rà, ohun tó fẹ́ kí ayé rò nípa òun ló ń fi hàn. Ẹni tí kò mọ̀ pé wọ́n ń wo òun, ara rẹ̀ gan-an ni a ó rí. Ìdí nìyẹn tí ọjọ́ yẹn kò fi bá ìyókù mu. Ẹ jẹ́ ká fi sùúrù ṣe é, bóyá n ó wá ọ̀nà mìíràn.

Akẹgbẹ́ mi kan ń bọ̀ níhà ọ̀dọ̀ yín láìpẹ́. N ó fi fíìmù rán an.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kejì, oṣù kẹrin

Ọ̀mọ̀wé mi,

Mo ka àlàyé rẹ sókè fún Ìyá aránṣọ. Ó gbọ́ ọ tán, ó ní, "Ìyá alágbàfọ̀, ṣé ohun tí ọmọ yín ń sọ ni pé bí ẹ bá ti wẹ̀, ẹ kì í ṣe ara yín mọ́?" A rẹ́rìn-ín títí, ṣùgbọ́n nígbà tó lọ tán, inú mi ò dùn. Ẹni tó múra, irọ́ ló ń pa? Iṣẹ́ tí mo fi tọ́ ọ ni pé mo ń sọ aṣọ di mímọ́ kí àwọn ènìyàn lè múra jáde. Irọ́ ni mo ti ń lọ̀ látàárọ̀ ayé mi nìyẹn?

Ó dáa. Ẹ̀gbọ́n mi ti fèsì. Wọ́n ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú tó gbẹ̀yìn oṣù yìí. Wọ́n ní iṣẹ́ ọmọ làwọn ń bọ̀ wá wò, àwọn ò bọ̀ wá kí ẹnikẹ́ni. Kí wọ́n máa sọ ọ́ bó ṣe wù wọ́n, ṣáà jẹ́ kí wọ́n wá. Ọdún kẹsàn-án rèé tí ẹsẹ̀ wọn ò kan ẹnu ọ̀nà mi.

Mo gbọ́ pé kò sí nínú fíìmù. Gé e sọ́tọ̀, fi í ránṣẹ́ bó ṣe wà. Àwọn ni mo sọ ọ́ fún, kì í ṣe èrò inú gbọ̀ngàn. Mi ò lè sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì. Mo mọ ara mi, bí mo bá rójú wọn báyìí, ọ̀rọ̀ á pèsì jẹ. Mi ò bèèrè bàtà lọ́wọ́ rẹ, mi ò bèèrè báàgì. Èyí nìkan ni mo bèèrè.

Ìyá rẹ ni.


Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù kẹrin

Màámi,

Ẹ jókòó kí ẹ tó ka èyí.

Kò sí nǹkan kan láti gé. Lọ́jọ́ tí ẹ múra, kámẹ́rà kò ṣiṣẹ́. Kò bàjẹ́ o. Èmi ni mi ò tan án. Mo rí i pé ẹ ti wọ aṣọ tuntun, ẹ ti gbé àga sí àárín yàrá, mo sì sọ lọ́kàn mi pé mi ò lè rí èyí lò. Ṣùgbọ́n mi ò fẹ́ kó dùn yín. Mo fi ojú lé ẹ̀yìn kámẹ́rà, mò ń mi orí, mò ń ṣe bí ẹni tó ń yà yín, títí ẹ fi sọ̀rọ̀ tán. Mo tiẹ̀ tún ní, "Ó dáa gan-an, Màámi." Ẹ ní, "Ọlọ́run ṣeun." Ẹ bọ́ aṣọ náà, ẹ sì ká a sínú àpótí.

Ojú ń tì mí. Mò ń rìn káàkiri, mò ń sọ fún àwọn ènìyàn pé iṣẹ́ mi ni kí n wo ọmọ ènìyàn láìtàn án jẹ, ìyá mi ni mo sì tàn jẹ nínú yàrá tí wọ́n ti tọ́ mi. Nígbà tí lẹ́tà yín àkọ́kọ́ dé, mo mọ̀ pé ó yẹ kí n sọ ọ́. Àlàyé ni mo lọ ń ṣe nípa iṣẹ́ mi. Mi ò pè yín torí mi ò fẹ́ kí ẹ gbọ́ bí ohùn mi ṣe rí.

Akẹgbẹ́ mi ti gbé fíìmù lọ kí lẹ́tà yín kejì tó dé. Bí ẹ bá bá a níbẹ̀, ẹ jọ̀wọ́, ẹ ní kó yà yín. Ẹ wọ aṣọ yẹn. Ẹ tún ọ̀rọ̀ náà sọ kí ẹ̀gbọ́n yín, Màámi Àgbà, tó dé. Mo mọ ohun tí mò ń bẹ̀ yín fún. Ẹ ṣàánú mi.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù karùn-ún

Ọmọ mi,

Lẹ́tà rẹ bá mi ní ìdí áyọ́ọ̀nù lọ́jọ́ Ẹtì. Mo kà á, mo sì jó ṣẹ́ẹ̀tì oníbàárà. Irú rẹ̀ ò ṣẹlẹ̀ sí mi rí. Akẹgbẹ́ rẹ ti já fíìmù sílẹ̀, ó ti bá tirẹ̀ lọ. Ọjọ́ Àìkú sì kù sí dẹ̀dẹ̀.

Mi ò lè ní kí ẹ̀gbọ́n mi má wá mọ́. Ẹni tó gbé ìgbéraga mì kó tó lè sọ pé òun ń bọ̀, ṣé èmi ni n ó ní kó pọ̀ ọ́? Mo ní n ó fi ẹnu ara mi sọ ọ́, kó fọ́ bó bá fẹ́ fọ́.

Wọ́n dé. Wọ́n jókòó sórí àga tó sún mọ́ ilẹ̀kùn, wọn ò gbé báàgì kúrò lórí itan. Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, kí a tó wò ó, ẹ jẹ́ kí n..." Wọ́n ní, "Tan nǹkan ọmọ." Mo tan án.

Mo rí ara mi. Mo rí ẹ̀yìn mi tí mi ò rí rí, àti sílípáàsì tí mo ti ní kí o má yà. Ẹ̀gbọ́n mi ń wò, ojú wọn sì ń rọ̀ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tí mò ń bá áyọ́ọ̀nù jà, wọ́n rẹ́rìn-ín. Mo gbọ́ ọ. Wọ́n ní, "Bí ìyá wa ṣe máa ń ṣe gẹ́lẹ́ nìyẹn." Mo rò pé Ọlọ́run ti bá mi ṣe é láìjẹ́ pé mo lanu. Ìgbà yẹn ni ibi tí o fẹ́ràn jù dé.

Èmi nìyẹn níwájú dígí, gáùn oníbàárà lọ́wọ́ mi. Mo gbé e lé àyà. Mo yí sọ́tùn-ún, mo yí sósì, mo fa ikùn sínú, mo rẹ́rìn-ín sí ara mi. Mi ò mọ̀ pé o wà lẹ́nu ọ̀nà. Ibẹ̀ lo gé e sí.

Ẹ̀gbọ́n mi dìde. Wọ́n ní, "O ṣì ń ṣe é."

O ní o pa kámẹ́rà. Mo gbà. Ṣé o pa etí náà ni? Ṣé mi ò sọ fún ọ lọ́jọ́ yẹn pé gáùn oníbàárà ni mo wọ̀ lọ síbi tí ọkọ ẹ̀gbọ́n mi ti ń fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́? Pé ìyàwó ọ̀gá wọn ló ni ín? Pé ó mọ aṣọ rẹ̀ lára mi, ó sì bi mí lójú gbogbo èrò pé, "Ìyá alágbàfọ̀, ṣé o ti fọ̀ ọ́ tán?" Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀gbọ́n mi àti ọkọ wọn ò rí ibi gbójú sí. Láti ọjọ́ náà ni a kò ti sọ̀rọ̀ mọ́. Mo sọ bó ṣe jẹ́ fún ọ, mo sì sọ ìdí tó fi rí bẹ́ẹ̀. Ò ń mi orí bí alángbá. O wá lọ fi èmi àti gáùn onígáùn han gbogbo ayé.

Lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n bi mí pé, "Ọ̀rọ̀ tí o ní o sọ dà?" Kí ni n bá wí? Kí n ní ọmọ mi fi mí ṣe yẹ̀yẹ́? Ọmọ ẹni kò ní ṣèdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ ká fi ìlẹ̀kẹ̀ sídìí ọmọ ẹlòmíràn. Mo ní èmi ni mo ní kí o yọ ọ́. Wọ́n wò mí láti òkè délẹ̀. Wọ́n ní, "O sọ ọ́ tán, o tún gbà á padà." Wọ́n lọ.

Gáùn yẹn, mi ò wọ̀ ọ́ o. Mo kàn gbé e lé àyà ni. Ta ló máa gbà mí gbọ́?

Má fèsì báyìí. Jẹ́ kí inú mi kọ́kọ́ rọ̀.

Ìyá rẹ.


Ọjọ́ ogún, oṣù karùn-ún

Màámi Àgbà,

Èmi ọmọ àbúrò yín ni mo kúnlẹ̀ síwájú yín. Mo mọ̀ pé ẹ kò retí lẹ́tà mi. Láti kékeré, èmi àti ẹ̀yin kò jọ sọ̀rọ̀ ju "ẹ káàárọ̀" lọ, àtìgbà tí mo sì ti rìnrìn àjò, mi ò kọ̀wé sí yín rí. Ẹ má jẹ́ kó yà yín lẹ́nu.

Ohun tí ìyá mi sọ fún yín lẹ́nu ọ̀nà kì í ṣe òótọ́. Wọn ò ní kí n yọ ohunkóhun. Wọ́n sọ ọ̀rọ̀ náà. Wọ́n rán aṣọ tuntun kí wọ́n tó sọ ọ́, torí ẹ̀yin ni wọ́n fẹ́ kó rí i. Èmi ni mi ò tan kámẹ́rà. Mo dúró síwájú wọn, mo ṣe bí ẹni tó ń gbà á sílẹ̀, mo sì mọ̀ pé mi ò gbà á. Irọ́ tí wọ́n pa, èmi ni wọ́n fi bò.

Ní ti dígí, wọn ò wọ gáùn náà. Wọ́n gbé e lé àyà, lẹ́yìn náà wọ́n gbé e kọ́ padà, wọ́n sì fọwọ́ nà á kó má ká. Mo wà níbẹ̀, mo sì yà á. Èmi ni mo gé ibi tí wọ́n ti gbé e kọ́, torí ẹ̀rín tí wọ́n rín nínú dígí wù mí kó jẹ́ òpin. Ká ní mo fi kún un díẹ̀, ẹ kì bá tí dìde.

Mo ti kọ̀wé sí àwọn tó fẹ́ tún un fi hàn pé kí wọ́n dá a dúró. Ojú ń tì mí láti bẹ̀ yín, ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín. Ẹ má jẹ́ kó jẹ́ ọrùn Màámi ni ẹ̀bi mi máa wà.

Ọmọ yín.


Ọjọ́ kẹta, oṣù keje

Ọmọ àbúrò mi,

Lẹ́tà rẹ dé. Ó pẹ́ kí n tó fèsì torí mi ò fẹ́ fi ìbínú kọ̀wé sí ọmọ.

Ta ló ní kí o dá fíìmù dúró? Mi ò gbé ẹjọ́ fíìmù wá bá ẹnikẹ́ni. Jẹ́ kí wọ́n máa wò ó. Áyọ́ọ̀nù yẹn pa mí lẹ́rìn-ín.

Ọkọ mi ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ àwọn ènìyàn wọ̀nyẹn títí irun rẹ̀ fi funfun. Ọjọ́ kan ṣoṣo tí wọ́n fẹ́ pàtẹ́wọ́ fún un, aṣọ àbúrò mi ni wọ́n lọ ń wò. Ó délé, ó bọ́ bàtà, kò sì dárúkọ ọjọ́ náà mọ́ títí ó fi kú. Wọ́n ní ikú yá ju ẹ̀sín lọ. Àwa rí ẹ̀sín, a sì tún rí ikú. Àgbàbọ̀ ṣòkòtò, bí kò fún ni lẹ́sẹ̀, á ṣoni. Rẹ́múrẹ́mú ni ohun ẹni ń bá ni mu. Ìyá wa kan náà ló kọ́ àwa méjèèjì ní òwe yẹn.

Ṣùgbọ́n ẹ̀sín kọ́ ló ń jẹ mí lọ́kàn jù. Kí ọjọ́ náà tó pé, mo ránṣẹ́ pe ìyá rẹ. Mo ní kó wá yan èyí tó wù ú nínú aṣọ mi. Kò wá. Ó kọ aṣọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó lọ wọ ti onígáùn. Kí ni mo ṣe fún un? Láti ìgbà náà ni mo ti ń bi ara mi. Ìdí yẹn ni mo wá gbọ́ lọ́jọ́ Àìkú, tí mo fi ń pariwo pé iṣẹ́ ọmọ ni mo wá wò.

Kámẹ́rà kò gbà á. Ó tán. Ìwọ wà níbẹ̀. Kí ló sọ? Kọ ọ́ ránṣẹ́ sí mi, bó ṣe sọ ọ́ gẹ́lẹ́, má yọ nǹkan kan.

Ìyá rẹ àgbà.


Ọjọ́ kẹtàdínlógún, oṣù keje

Màámi Àgbà,

Mo kí yín. Láti ọjọ́ tí lẹ́tà yín ti dé ni mo ti ń gbìyànjú láti fèsì.

Mo lè sọ fún yín bí yàrá ṣe rí. Fèrèsé ṣí sílẹ̀. Ṣẹ́ẹ̀tì mẹ́ta kọ́ lẹ́yìn Màámi, ọ̀kan ń jò sílẹ̀. Wọ́n ń fi àtàǹpàkò tẹ́ ibi tí aṣọ tuntun náà ti ká lórí itan wọn, wọ́n ń tẹ́ ẹ, ó ń dìde. Nígbà kan, wọ́n wo ilẹ̀ kí wọ́n tó máa bá ọ̀rọ̀ wọn lọ. Mo rí gbogbo rẹ̀. Mi ò gbọ́ ọ̀rọ̀ kan.

Bó ṣe rí nìyẹn. Mò ń ro oníbàárà tó máa wá gbé aṣọ lọ́jọ́ kejì, mò ń ro ibi tí n ó dúró sí. Ìyá mi ń ṣí ikùn wọn sílẹ̀ níwájú mi, mò ń dúró kí wọ́n ṣe tán. Mi ò tíì sọ èyí fún wọn. Wọ́n rò pé mo gbọ́, mo sì fọwọ́ yẹpẹrẹ mú un. N ó sọ fún wọn, ṣùgbọ́n ẹ̀yin lẹ bi mí, ẹ̀yin ni mo kọ́kọ́ dá lóhùn.

Mo fẹ́ purọ́ fún yín. Mo mọ bí Màámi ṣe ń sọ̀rọ̀. Mo jókòó, mo kọ odidi ojú ìwé kan, ìdí tí wọ́n fi kọ aṣọ yín, ẹ̀bẹ̀, ohun gbogbo. Nígbà tí mo kà á, ó jọ wọ́n débi pé ẹ̀rù bà mí. Ẹ bá gbà á gbọ́. Mo fà á ya.

Ẹnì kan ṣoṣo ló mọ ohun tí wọ́n sọ lọ́jọ́ náà. Wọ́n ní àwọn ò lè sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kejì, ṣùgbọ́n kò tíì sí ìgbà kìíní rẹ̀, torí kò sí ẹni tó gbọ́. Mo mọ̀ pé ẹ̀yin ni ẹ̀gbọ́n, mo mọ̀ pé kì í ṣe ẹ̀yin ló yẹ kó lọ. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ lọ bi wọ́n. Wọ́n máa kọ́kọ́ fi yín ṣàwàdà, wọ́n á ní àwọn fẹ́ lọ wo áyọ́ọ̀nù. Ẹ má dìde. Ẹ gbé báàgì sílẹ̀, kí ẹ sì gbọ́ wọn tán.

Ọmọ yín.